Àwọn Ẹlẹ́rìí Tí Mi Ò Gbọdọ̀ Kí

Bí ẹ bá bi àwọn ará ìjọ wa ní Lithonia níbí, lókè òkun, pé irú iṣẹ́ wo ni Màmá Àjọkẹ́ ṣe kó tó fẹ̀yìn tì, nọ́ọ̀sì ni wọn ó sọ. Wọn ò purọ́, àmọ́ wọn ò mọ̀ ọ́n tán. Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni mo fi ṣe nọ́ọ̀sì ní Ìbàdàn. Lẹ́yìn ìyẹn, mo lo ọdún mọ́kàndínlógún ní kóòtù àgbáyé kan tí wọ́n gbé kalẹ̀ láti gbọ́ ẹjọ́ àwọn tó pa aládùúgbò wọn nígbà ogun. N kì í ṣe adájọ́, n kì í ṣe lọ́yà. Èmi ni mò ń tọ́jú àwọn ẹlẹ́rìí. Mo máa ń pàdé wọn ní pápákọ̀ òfurufú, mo máa ń wá oúnjẹ tí ẹnu wọn á gbà, mo máa ń lọ aṣọ wọn, mo sì máa ń jókòó tì wọ́n títí wọ́n á fi pè wọ́n wọlé.

Ọmọ-ọmọ mi Tèmítọ́pẹ́, tó ń kàwé ní ọ̀kan nínú àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì West End, ló fa ọ̀rọ̀ yìí yọ. Ó fẹ́ di lọ́yà. Lọ́jọ́ kan tó ń fi mọ́tò gbé mi bọ̀ lórí ọ̀nà márosẹ̀ I-20, ó ṣàdédé ní, "Grandma, professor wa ní àwọn tribunal yẹn ò change nǹkan kan. Ṣé òótọ́ ni?" Mo ní kó máa wojú ọ̀nà. Kì í ṣe pé ìbéèrè náà bí mi nínú o. Èmi náà ti ń bi ara mi bẹ́ẹ̀ tipẹ́, mi ò sì rí èsì tó tẹ́ mi lọ́rùn. Bóyá bí mo bá rò ó láti ìbẹ̀rẹ̀ fún ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ṣì ń yan iṣẹ́ bí ẹni ń yan bàtà nínú mall, a ó jọ rí i.

Mi ò ní dárúkọ orílẹ̀-èdè tí ogun náà ti jà, mi ò sì ní dárúkọ ìlú tí kóòtù náà wà. Mo búra, ìbúra ọ̀hún ò sì ní ọjọ́ tó ń parí. Ìlú olókè kan ni, ní ìlà oòrùn Áfíríkà, níbi tí òtútù ti ń mú ju bí mo ṣe rò lọ. Bí mo ṣe débẹ̀ ò gùn. Mo rí i nínú ìwé ìròyìn pé wọ́n ń wá nọ́ọ̀sì tó lè gbé òkèèrè, mo kọ̀wé, wọ́n pè mí. Owó oṣù ńkọ́? Ó tó mi í jẹ, ó sì tó rán ọmọ nílé-ìwé. Ó parí.

Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ ni Madam Kumba, ọmọ Gáńbíà, tó ti ṣiṣẹ́ ọlọ́pàá rí. Ó ga, ó tín-ín-rín, kì í rẹ́rìn-ín kí aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ tó lù. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, bíírò ọwọ́ mi ló kọ́kọ́ gbà. Ó ní ẹni tó ń tọ́jú ẹlẹ́rìí kì í kọ nǹkan kan sílẹ̀. Ó wá fi ìka ka òfin fún mi: "Má bi wọ́n léèrè ohun tí wọ́n rí. Má ṣèlérí fún wọn. Má sunkún lójú wọn, ilé ìgbọ̀nsẹ̀ wà níbẹ̀ yẹn fún ẹkún. Bí o bá sì pàdé wọn níta, o ò mọ̀ wọ́n rí."

Òfin àkọ́kọ́ yẹn fẹ́rẹ̀ẹ́ pa mí! Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ mí, ẹ mọ̀ pé mo fẹ́ràn àtimọ̀dí ọ̀rọ̀. Bí aládùúgbò bá ra fìríìjì tuntun, mo fẹ́ mọ ibi tí ti àtijọ́ wọlẹ̀ sí. Ẹ wá fojú inú wo irú mi, tí yóò jókòó ti ẹni tó la ogun já fún odidi ọ̀sẹ̀ kan, tí kò gbọdọ̀ béèrè pé kí ló ṣẹlẹ̀. Madam Kumba ṣàlàyé fún mi pé bí ẹlẹ́rìí bá sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ fún mi ṣáájú, lọ́yà ẹni tí wọ́n ń bá ṣẹjọ́ á dìde pé èmi ni mo kọ́ ọ ní ohun tó ń sọ. Ẹjọ́ lè tìtorí bẹ́ẹ̀ dàrú. Nítorí náà, ọdún mọ́kàndínlógún ni mo fi wà ní kóòtù, mi ò gbọ́ ẹjọ́ kan láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Bí wọ́n bá ti pe ẹlẹ́rìí mi wọlé báyìí, ilẹ̀kùn á tì, èmi á jókòó síta pẹ̀lú búláńkẹ́ẹ̀tì lórí itan, n ó máa ro ohun tó ń lọ lọ́hùn-ún.

Òfin tó kẹ́yìn ló wá le jù. Madam Kumba mọ̀ pé ó máa le fún mi, ó sì dá mi lẹ́kọ̀ọ́ lórí rẹ̀ lọ́tọ̀. Ó máa ń mú àwọn òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì mìíràn wá, á ní kí n bá wọn jẹun, kí n bá wọn ṣàwàdà láàárọ̀. Tó bá di ọ̀sán, á rán mi lọ sójú pópó, á sì ní kí àwọn yẹn máa kọjá lára mi lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo gbọ́dọ̀ kọjá bí ẹni tí kò rí wọn rí. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo kùnà. Ọmọ Ìṣẹ́yìn ni mí o! Bí àgbà bá kọjá lára mi nígbà tí mo wà lọ́mọdé tí mi ò kí i, kí n tó délé ìròyìn á ti débẹ̀, ẹgba á sì ti wà nílẹ̀. Ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde, ẹ̀ṣọ́ tí ìyá mi kó sí mi lára nìyẹn.

Madam Kumba ní, "Ẹnu rẹ dákẹ́ lóòótọ́, ojú rẹ ló ń kí wọn."

Mo ní, "Kí ni kí n wá fi ojú mi ṣe, Mà?"

Ó ní, "Máa wo bàtà wọn."

Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í wo bàtà nìyẹn. Títí dòní, bí mo bá bá ọmọ mi lọ sí mall, bàtà ni mo fi ń dá èèyàn mọ̀ kí n tó gbójú sókè. Mo yege ní ìgbà kẹrin. Ọ̀gá mi ò yìn mí, ó kàn dá bíírò mi padà, ó ní kí n máa fi kọ lẹ́tà sílé nìkan.

Iṣẹ́ náà dùn mọ́ mi nígbà tí ó mọ́ mi lára, mi ò ní purọ́. Àwọn ẹlẹ́rìí tí a ń mú wá, àgbẹ̀ ló pọ̀ jù nínú wọn. Wọn ò wọ bàlúù rí, wọn ò gun ẹ̀rọ agbéniròkè rí. Ọjọ́ tó bá ṣáájú ọjọ́ ẹ̀rí, a máa ń mú wọn wọ kóòtù nígbà tó bá ṣófo, kí ojú wọn lè mọ ibẹ̀. A ó ní, adájọ́ mẹ́ta á jókòó síbí, ìwọ á jókòó síhìn-ín, ọkùnrin tí wọ́n ń bá ṣẹjọ́ á wà lọ́hùn-ún láàárín ọlọ́pàá méjì. Baba àgbẹ̀ kan wà tó bẹ Madam Kumba pé kó jẹ́ kí òun jókòó sórí àga ọkùnrin náà wò, kí òun lè mọ bí òun ṣe máa rí lójú rẹ̀. Ọ̀gá mi ronú, ó gbà fún un. Baba jókòó, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó fi ìdí tẹ tìmùtìmù. Ó ní, "Àga rẹ̀ rọ̀ ju tèmi lọ." Lọ́jọ́ kejì, ó jókòó sórí àga tirẹ̀ tó le, ó sọ̀rọ̀ fún wákàtí márùn-ún.

Ohun èlò wa nígbà náà ò pọ̀: aṣọ ìkélé ńlá kan tí wọ́n ń fà kí àwọn ará ìta má rí ojú ẹlẹ́rìí, ẹ̀rọ kan tó ń yí ohùn èèyàn padà, àti kásẹ́ẹ̀tì tí wọ́n fi ń gba ọ̀rọ̀ sílẹ̀. Nínú ìwé, wọn kì í kọ orúkọ ẹlẹ́rìí. Lẹ́tà kan àti nọ́mbà kan ni oníkálùkù ń jẹ́.

Ìyá tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí, B Méje ni wọ́n ń pè é. Ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Wọ́n pa ọmọ rẹ̀ ọkùnrin mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ní ẹnu géètì ilé-ìwé abúlé wọn. Ó rí alága ìjọba ìbílẹ̀ wọn tó dúró níbẹ̀, tó ń nawọ́ sí ẹni tí wọn ó mú. Gbogbo àwọn mìíràn tó rí i ti kú. Ẹ óò ní báwo ni mo ṣe mọ̀, nígbà tí mi ò gbọdọ̀ béèrè. Ọ̀gá mi ló sọ èyí fún mi torí pé ètò rẹ̀ kàn mí: B Méje ò fẹ́ aṣọ ìkélé. Ó ní ojú òun àti orúkọ òun lòun fẹ́ fi jẹ́rìí. Rédíò máa ń gbé ẹjọ́ náà dé abúlé wọn. Inú kòtò kan náà ni wọ́n da àwọn ọmọ rẹ̀ sí pẹ̀lú àwọn mìíràn, kò sí ìsìnkú, kò sí ẹni tó pe orúkọ wọn. Ó fẹ́ pe orúkọ wọn níbi tí gbogbo abúlé á ti gbọ́ ọ, àti àwọn tó pa wọ́n pẹ̀lú. Ohun tó bá wá nìyẹn, kò bá nǹkan mìíràn wá.

Àwọn adájọ́ gbà fún un. Àmọ́ títí di ọjọ́ náà, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ mọ̀ pé ó wà nílùú, torí ọmọ rẹ̀ obìnrin kan ṣoṣo tó ṣẹ́kù ṣì ń gbé abúlé yẹn pẹ̀lú ọmọ mẹ́ta. A ti ṣètò pé ọ̀sẹ̀ tí yóò ṣáájú ẹ̀rí ni a ó kó wọn kúrò.

Ó ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ó bọ́ sí ọjọ́ Sátidé tí n kò ṣiṣẹ́, mo lọ ra ọṣẹ àti ìpara ní ṣọ́ọ̀bù kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé ìfìwéránṣẹ́. Káàdì iṣẹ́ mi wà lọ́rùn mi. Madam Kumba ti kìlọ̀ títí pé ká máa bọ́ ọ tí a bá ń lọ síta, àmọ́ mo gbàgbé. Bí mo ṣe ń jáde báyìí, B Méje náà ń jáde láti ilé oníjígí tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọ̀rẹ́ iṣẹ́ mi kan ló mú un lọ gba jígí ojú tuntun. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tó máa rí mi kedere láti ìgbà tí a ti mọra. Ó rí mi, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

Mo wo bàtà rẹ̀. Ẹ gbà mí gbọ́, mo wo bàtà rẹ̀ bí wọ́n ṣe kọ́ mi. Àmọ́ ojú nìkan ni Madam Kumba kọ́, kò kọ́ orúnkún. Kí n tó mọ ohun tí mò ń ṣe, orúnkún mi méjèèjì ti kan sìmẹ́ǹtì lójú pópó, "Ẹ káàárọ̀ o, Màmá" sì ti bọ́ lẹ́nu mi.

Yéè! Níbẹ̀ yẹn, ẹnikẹ́ni kì í kúnlẹ̀ kí èèyàn. Ọwọ́ ni wọ́n ń dì mú, tàbí kí wọ́n dìmọ́ra. Gbogbo ojú pópó yíjú sí wa. Nígbà tí mo máa gbórí sókè, bàtà pupa kan ni mo rí lódì kejì títì, mo sì mọ bàtà náà. Àbúrò alága ìbílẹ̀ yẹn obìnrin ló ni ín, tó máa ń gba ẹnu ọ̀nà kóòtù wa lọ wo ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní ọgbà ẹ̀wọ̀n lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Obìnrin náà wo káàdì ọrùn mi, ó wo ìyá arúgbó tí mo kúnlẹ̀ fún, ó yí padà, ó ń sáré lọ.

Ká ní mo fẹ́ ni, mo lè dákẹ́. Ọ̀rẹ́ iṣẹ́ mi ò mọ ẹni tó ni bàtà náà. Mo dúró síbẹ̀ pẹ̀lú ọṣẹ lọ́wọ́, mo rò ó fún bí ìṣẹ́jú kan, ojú sì ń tì mí gan-an. Mo wá gba ilé Madam Kumba lọ. Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un. Kò pariwo. Ó bọ́ jígí ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún un wọ̀, ó gbé fóònù. Wọ́n rán mọ́tò lọ kó ọmọbìnrin B Méje lábúlé lójú ẹsẹ̀. Ọ̀nà ọjọ́ méjì ni. Kí mọ́tò tó débẹ̀, wọ́n ti sọ iná sí ilé náà. Ọlọ́run ló yọ ọmọbìnrin yẹn àti àwọn ọmọ rẹ̀, inú oko kọfí ni wọ́n sá sí. Ẹ̀mí ò lọ. Ilé lọ, àgọ́ ewúrẹ́ lọ, àwòrán kan ṣoṣo tí wọ́n ní nínú èyí tí àwọn arákùnrin mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wà náà jóná.

Àwọn adájọ́ jókòó, wọ́n yí ìpinnu wọn padà. Wọ́n ní B Méje á jẹ́rìí, àmọ́ ẹ̀yìn ilẹ̀kùn títì ni. Kò ní sí ará ìta, kò ní sí rédíò, kò ní sí orúkọ. Gbogbo ojú ìwé tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bá wà, wọ́n á tì í pa.

Nígbà tí wọ́n sọ fún ìyá náà, ó ní òun ń lọ sílé. Ó di ẹrù rẹ̀. Àwọn lọ́yà tó pe alága lẹ́jọ́ bẹ̀ ẹ́ títí, ó kọ̀. Láìsí ẹ̀rí tirẹ̀, alága yẹn lè lọ ní àlàáfíà lórí ọ̀ràn géètì ilé-ìwé. Madam Kumba pè mí.

Ó ní, "Ìwọ lo máa lọ bá a. Ṣùgbọ́n bí orúnkún rẹ bá kan ilẹ̀ lónìí, má padà síbi iṣẹ́ mọ́."

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ gbọ́ mi. Ọmọ Yorùbá ṣẹ àgbà, ó fẹ́ bẹ̀bẹ̀, wọ́n ní orí àga ni kó ti bẹ̀ ẹ́! Mo jókòó, mo fi ọwọ́ méjèèjì di àga mú bí ẹni tó wà nínú mọ́tò tí kò ní bíréèkì. Mo ti kọ́ èdè wọn tó láti bá a sọ̀rọ̀ láìsí ògbufọ̀.

Mo ní, "Màmá, èmi ni mo fà á. Ẹ má bínú sí mi."

Ó ní, "Mo mọ̀." Ó ti jígí ojú rẹ̀ sókè. "Ìgbà tí o kúnlẹ̀ yẹn, inú mi dùn. Ó pẹ́ tí ẹnì kan ti kí mi bí èèyàn. Lẹ́yìn náà, wọ́n jó ilé ọmọ mi. Èwo nínú méjèèjì ni kí n dì mú?"

Bàtà rẹ̀ ni mo ń wò.

Ó ní, "Bí mo bá wọlé sọ̀rọ̀, ṣé rédíò á gbé e?"

"Rárá, Màmá."

"Ṣé ará abúlé mi kan á gbọ́?"

"Rárá, Màmá."

"Ṣé wọ́n á kọ ọ́ sílẹ̀?"

"Wọ́n á kọ ọ́, wọ́n á gba ohùn yín sílẹ̀, wọ́n á wá tì í pa."

"Títí di ìgbà wo?"

Ẹnu ń yún mi láti ní kò ní pẹ́. Irọ́ tó dùn ni, á sì mú un wọlé. Mo gbé e mì. Mo ní, "Mi ò mọ̀, Màmá."

Ó fi jígí tuntun yẹn wò mí fún ìgbà pípẹ́. Ó ní, "Gbogbo àwọn lọ́yà yẹn ló ní kò ní pẹ́. Ìwọ nìkan lo ní o ò mọ̀." Ó bẹ̀rẹ̀ sí í tú ẹrù rẹ̀. Ó ní, "Lọ sọ fún wọn pé mò ń bọ̀. Bí mo bá lọ sílé láìsọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ alága nìkan ló máa wà nínú ìwé wọn."

Ọjọ́ méjì ló fi sọ̀rọ̀. Wọn ò jẹ́ kí n sún mọ́ ibẹ̀, ìyà tí wọ́n fi jẹ mí nìyẹn, ó sì tọ́ sí mi. Nígbà tó parí, wọ́n kó òun àti ọmọ rẹ̀ lọ sí orílẹ̀-èdè mìíràn. Ibo ni? Mi ò gbọdọ̀ mọ̀. Àwọn adájọ́ wá dá alága lẹ́bi, wọ́n rán an lẹ́wọ̀n gbére. Ìwé ìdájọ́ náà nípọn bí ìrọ̀rí. Èmi alátojúbọ̀ wá B Méje nínú rẹ̀ títí mo fi rí i. Ìlà kan péré ni: ìgbìmọ̀ gba ẹ̀rí rẹ̀ gbọ́ nípa ikú "àwọn ọmọ ẹlẹ́rìí náà mẹ́rin." Àwọn ọmọ ẹlẹ́rìí náà mẹ́rin! Mo pa ìwé náà dé, mo lọ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ tí Madam Kumba fi hàn mí lọ́jọ́ àkọ́kọ́, mo sunkún tẹ́rùn.

Mo tún ṣiṣẹ́ náà fún ọdún mọ́kànlá lẹ́yìn ìyẹn. Ohun èlò yí padà lójú mi. Kásẹ́ẹ̀tì kú, kọ́ńpútà dé. Ó tó àkókò kan, ẹlẹ́rìí ò tiẹ̀ wá mọ́, a ó gbé tẹlifíṣọ̀n lọ bá a ní ìlú tirẹ̀, á máa dá adájọ́ lóhùn láti orí ẹ̀rọ. Àwọn kan ní ó dára, kò ní sí wàhálà bàlúù. Èmi ò fẹ́ràn rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Mo rí i pé ẹlẹ́rìí fẹ́ kí ẹni tó ṣẹ̀ ẹ́ wà nínú yàrá kan náà pẹ̀lú òun, kí àwọn jọ mí afẹ́fẹ́ kan. Lẹ́yìn náà fóònù dé, tí gbogbo èèyàn fi ń ya àwòrán. Aṣọ ìkélé wo ló lè dí ojú fóònù? Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀ fífọ́ ló ń fọ́. Tí ọmọ kan bá ti ju orúkọ ẹlẹ́rìí sórí ẹ̀rọ ayélujára báyìí, kò sí ẹni tó lè ṣà á mọ́. Nígbà tí wọ́n ti kóòtù wa pa tí wọ́n kó àwọn àpótí ìwé rẹ̀ lọ, mo wá bá ọmọ mi níbí.

Díkíní Bámidélé tó ń wá sí ìjọ wa láti Douglasville, lọ́yà ni. Ó máa ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ lẹ́yìn ìsìn. "Màmá, ẹja kéékèèké ni kóòtù yín ń mú. Àwọn orílẹ̀-èdè ńláńlá tó ń ju bọ́ǹbù, ta ló mú wọn?" Mi ò bá a jiyàn, òótọ́ ló sọ. Àwọn àgbà ní àṣegbé kan ò sí, àṣepamọ́ ló wà. Ẹ jọ̀ọ́, èmi ti rí àwọn tó ṣe é gbé, tí wọ́n ń ra epo sọ́kọ̀ bí èmi àti ẹ̀yin. Àmọ́ mo mọ ohun kan. Kí kóòtù yẹn tó dé, ohun tí àwọn apààyàn ń sọ ni pé kò sí nǹkan tó ṣẹlẹ̀ ní abúlé yẹn. Wọn ò lè sọ bẹ́ẹ̀ mọ́. Wọ́n lè jiyàn ẹni tó ṣe é, wọ́n lè jiyàn ìdí rẹ̀, àmọ́ ó ṣẹlẹ̀. Bóyá ìyẹn kéré. Mi ò tíì mọ bó ṣe kéré tó.

Lóṣù tó kọjá, lọ́sàn-án Sátidé kan tí ìyá Tèmítọ́pẹ́ wà lẹ́nu shift, ọmọ náà gbé laptop wá bá mi lórí tábìlì ìjẹun. Ó ní, "Grandma, àwọn fáìlì kóòtù yín wà online o."

Mo ní, "Irọ́ ni. Tiwa wà ní títì."

"Ẹ sáà fún mi ní nọ́mbà kan, ẹ jẹ́ kí n check."

Mo rò ó. B Méje wà nínú ìwé ìdájọ́ tí gbogbo ayé lè kà, mi ò tíì ba ìbúra jẹ́. Mo sọ ọ́ fún un. Ó tẹ̀ ẹ́, ó ń ka nǹkan, ó ń fa ojú ìwé sókè sílẹ̀. Mo ní ṣé nǹkan kan wà níbẹ̀ ni.

Ó ní, "Orúkọ wà níbí, Grandma. Full name. Wọ́n kọ ọ́ pé ẹlẹ́rìí fúnra rẹ̀ ló ní kí wọ́n ṣí i. Ó ní òun ti dàgbà kọjá ẹni tí wọ́n lè dẹ́rù bà." Ó yíjú sí mi. "Audio wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ṣé kí n play ẹ̀?"

Ọdún mélòó ni mo fi jókòó sẹ́yìn ilẹ̀kùn yẹn? Mo ní kó tẹ̀ ẹ́.

Ohùn rẹ̀ ni, wọn ò yí i padà. Ó sọ bí alága ṣe nawọ́, ó sọ aṣọ tó wọ̀. Mo ń retí pé bóyá á bínú sọ nǹkan nípa obìnrin kan tó kúnlẹ̀, kò mẹ́nu bà mí rárá. Kí ló fẹ́ dárúkọ mi fún? Nígbà tó kù díẹ̀ kó parí, adájọ́ bi í bóyá ó ní ohun mìíràn láti sọ. Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, òun fẹ́ pe àwọn ọmọ òun. Àkọ́bí ni Ánsẹ́límù, tó ń tún kẹ̀kẹ́ ṣe. Tádéù tẹ̀lé e, ó ku oṣù kan kó gbéyàwó. Ẹ̀kẹta ni Fídélì, òpùrọ́ ọmọ, tó máa ń pa òun lẹ́rìn-ín. Àbíkẹ́yìn ni Bẹ́nwà, ọmọ ọdún mọ́kànlá. Òun ní kó dúró sílé lọ́jọ́ náà, ó sì tẹ̀lé àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

Mo ń rò ó bóyá wọ́n ti gbọ́ ọ ní abúlé yẹn. Mi ò mọ̀. Àmọ́ fóònù pọ̀ níbẹ̀ ju rédíò lọ báyìí, ilẹ̀kùn náà sì ti ṣí. Mo bi Tèmítọ́pẹ́ pé kí ni orúkọ àwọn ọmọ náà. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í pè wọ́n, ó gbàgbé ẹ̀kẹta, mo ní kó tún bẹ̀rẹ̀ láti òkè. Ó pè wọ́n lẹ́ẹ̀mejì títí tí kò fi fo ẹnì kankan mọ́. Ẹ̀yin náà tí ẹ ka ọ̀rọ̀ mi débí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ pè wọ́n sókè níbi tí ẹ wà yẹn: Ánsẹ́límù. Tádéù. Fídélì. Bẹ́nwà.